Frank Tovey tí wọ́n ń pè ní Fad Gadget: ìbéèrè àti ìdáhùn nípa iṣẹ́ orin rẹ̀

Ta ni Fad Gadget?

Orúkọ orí ìtàgé ni. Francis John Tovey ni orúkọ àbísọ rẹ̀, Frank ni wọ́n ń pè é. Ọmọ Lọ́ńdọ̀nù ni, wọ́n bí i ní Bow, ní ìhà ìlà-oòrùn ìlú náà, ní ọjọ́ 8 oṣù kẹsàn-án ọdún 1956. Ó kú ní ọjọ́ 3 oṣù kẹrin ọdún 2002. Láti 1979 sí 1984, ó ń kọrin lábẹ́ orúkọ Fad Gadget, ó sì ṣe àwo ńlá (álíbọ́ọ̀mù) mẹ́rin. Lẹ́yìn ìyẹn ó gbé orúkọ náà sílẹ̀, ó ń lo Frank Tovey, ó tún ṣe àwo mélòó kan sí i títí di 1992.

Mo kọ ojú ìwé yìí nítorí pé bí àwọn ènìyàn bá ń sọ̀tàn orin oníkíbọ́ọ̀dù ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, Depeche Mode ni wọ́n ń dárúkọ, wọ́n a dárúkọ Soft Cell, wọ́n a dárúkọ Yazoo. Gbogbo àwọn yẹn ló bá Tovey pàdé lọ́nà kan tàbí òmíràn, òmíràn nínú wọn sì gba ẹnu ọ̀nà tó ṣí wọlé. Ó yẹ kí a máa dárúkọ òun náà.

Irú orin wo ni wọ́n ń pè ní synth-pop?

Orin tí synthesizer jẹ́ olórí ohun èlò rẹ̀ ni. Ẹ má ṣe rò pé kíbọ́ọ̀dù tó wà ní ṣọ́ọ̀ṣì ni mò ń sọ, èyí tí wọ́n ti kó ohùn fèrè, dùùrù àti ìlù sínú rẹ̀ láti ilé-iṣẹ́ wá. Púpọ̀ nínú synthesizer tí wọ́n ń lò ní òpin àwọn ọdún 1970 kò ní ohùn kankan tí a kó pamọ́ sínú rẹ̀. Iná mànàmáná ló ń sọ di ìró. Ẹni tó ń lò ó ni yóò máa yí bọ́tìnì: bí ìró náà yóò ṣe ga tó, bí yóò ṣe mú tó, bóyá yóò bú jáde lójijì tàbí kí ó rọra yọ, ìgbà tí yóò kú. Ọ̀pọ̀ nínú wọn kò lè dún ju ohùn ẹyọ kan lọ lẹ́ẹ̀kan náà. Bí o bá fẹ́ ohùn mẹ́ta, o ní láti gba ohùn sílẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹta, kí o tò wọ́n léra wọn lórí téèpù.

Tẹ́lẹ̀, àwọn ẹgbẹ́ olówó àti àwọn yunifásítì ló lágbára láti ra irú ẹ̀rọ bẹ́ẹ̀. Nígbà tí Korg àti Roland ti Jàpáànì gbé àwọn kékeré jáde tí owó wọn kò wọ́n jù, ọ̀dọ́ tí kò mọ gìtá ta, tí kò sì ní ẹgbẹ́, bẹ̀rẹ̀ sí í dá orin ṣe nínú yàrá. Ní 1979 Gary Numan, olórin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kan, fi irú orin yìí gba ipò kìn-ín-ní lórí àtẹ orin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ọdún yẹn kan náà ni àwo àkọ́kọ́ Tovey jáde.

Báwo ni ó ṣe bẹ̀rẹ̀?

Kì í ṣe orin ló kọ́. Iṣẹ́ ọnà ló lọ kọ́ ní Leeds Polytechnic, ní àríwá England, ohun tó sì wọ̀ ọ́ lára jù níbẹ̀ ni eré tí a ń fi ara ṣe láìfọhùn: kí ènìyàn dúró níwájú èrò, kí ó fi ojú, ọwọ́ àti ẹsẹ̀ sọ ohun tó fẹ́ sọ. Marc Almond, tó wá di olórin Soft Cell, wà ní ilé-ìwé yẹn pẹ̀lú. Ẹ fi eléyìí sọ́kàn, nítorí pé ẹni tó bá gbọ́ àwo Tovey láìmọ̀ pé eléré ni, ìdajì iṣẹ́ rẹ̀ ló gbọ́.

Ó ń wá ìró tí yóò máa bá eré rẹ̀ rìn. Kò mọ ohun èlò orin kan dunjú, ṣùgbọ́n ó ní téèpù, ó ní dùùrù oníná kékeré kan tí Crumar ṣe, ó sì ní ẹ̀rọ onílù Korg tí wọ́n ń pè ní Mini Pops. Ẹ̀rọ onílù yẹn kò ṣe é darí bí ti òde òní. Ìlù rẹ̀ ti wà nínú rẹ̀ láti ilé-iṣẹ́, ó ní wọ́ọ̀sì, ó ní rọ́ńbà, ó ní rọ́ọ̀kì, o kàn máa tẹ èyí tí o bá fẹ́ ni. Inú kọ́bọ́ọ̀dù kan nínú ilé tó ń gbé ní Lọ́ńdọ̀nù ló ti ń gba ohùn rẹ̀ sílẹ̀.

Kí ni Mute, báwo ni Tovey sì ṣe débẹ̀?

Ní 1978, Daniel Miller, ọmọ Lọ́ńdọ̀nù kan tó ń ṣiṣẹ́ títo fíìmù, ra synthesizer Korg kan, ó dá orin méjì ṣe nílé, ó pe ara rẹ̀ ní The Normal, ó sì tẹ àwo náà jáde fúnra rẹ̀. Mute Records ni orúkọ tó kọ sí ara rẹ̀. Kò ní i lọ́kàn láti dá ilé-iṣẹ́ sílẹ̀ rárá. Ó kọ àdírẹ́sì ilé ìyá rẹ̀ sẹ́yìn àwo náà, ni kásẹ́ẹ̀tì àwọn olórin tí kò mọ̀ rí bá bẹ̀rẹ̀ sí í ya wọlé.

Ti Tovey kò gba ọ̀nà ìwé ìfìránṣẹ́. Edwin Pouncey, ayàwòrán ẹ̀fẹ̀ tó ń fi Savage Pencil fọwọ́ sí iṣẹ́ rẹ̀, ló mú òun àti Miller mọra. Miller gbọ́ téèpù tí wọ́n gbà nínú kọ́bọ́ọ̀dù, orin náà sì wọ̀ ọ́ lọ́kàn. Ní 1979 wọ́n jọ gbé "Back to Nature" jáde, "The Box" wà ní ẹ̀yìn rẹ̀. Nọ́ńbà àwo náà ni MUTE 002. Nọ́ńbà 001 jẹ́ ti Miller fúnra rẹ̀, nítorí náà Tovey ni olórin àkọ́kọ́ tí Mute gbà wọlé. Ilé-iṣẹ́ yẹn ló wá gbé Depeche Mode, Yazoo, Erasure àti Nick Cave dìde. Bí àwo kejì yẹn bá ti ṣubú lulẹ̀ láìsí ẹni tó rà á, n kò rò pé Miller ì bá tún ṣe ìkẹta.

Ẹ gbọ́ "Back to Nature" bí ẹ bá ráyè. Kò sí ohun tó pọ̀ nínú rẹ̀: ìlù ẹ̀rọ tí kò yí padà, ìró kan tó ń ró nísàlẹ̀, ìró mìíràn tó ń ké lókè bí ẹyẹ, àti ohùn ọkùnrin kan tó ń sọ̀rọ̀ bí ẹni pé kò sí ohun tó lè yà á lẹ́nu mọ́. Àkọlé rẹ̀ ń pe ènìyàn sínú igbó, àmọ́ ohun tó wà nínú orin náà kò jọ ibi tí ewéko ti ń hù.

Ṣé òótọ́ ni pé ó fi díríìlì kọrin?

Òótọ́ ni. Nínú "Ricky's Hand", àwo kékeré (olórin kan tàbí méjì) rẹ̀ kejì tó jáde ní 1980, díríìlì oníná tí àwọn káfíńtà fi ń lu ihò wà nínú orin náà gẹ́gẹ́ bí ohun èlò, ó ń ké ní àyè tirẹ̀ bí gìtá ṣe máa ń ké nínú orin ẹlòmíràn. Orin náà ń tẹ̀lé ọwọ́ ọkùnrin kan, ohun tí ọwọ́ náà gbé mu, àti ibi tí ọkọ̀ wíwà lẹ́yìn ọtí gbé e dé. Bí ẹ bá ti mọ ìtàn náà, igbe díríìlì yẹn kò ní dùn mọ́ yín nínú mọ́, bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni ó sì fẹ́ kí ó rí.

Ohun tó ń wá ni ìró nǹkan tí ọwọ́ ènìyàn ń lò lójoojúmọ́. Ní 1981, òun àti Boyd Rice, ará Amẹ́ríkà kan tó ń fi ariwo ṣiṣẹ́ ọnà, wọ sítúdíò, wọ́n ṣe odindi àwo kan láti ara àwọn nǹkan tí kì í ṣe ohun èlò orin. *Easy Listening for the Hard of Hearing* ni wọ́n pè é, kò sì jáde títí di 1984. Àwo tó le gbọ́ ni, n kò ní sọ pé kí ẹ ti ibẹ̀ bẹ̀rẹ̀.

Àwọn àwo ńlá wo ló ṣe lábẹ́ orúkọ Fad Gadget?

*Fireside Favourites* (1980), *Incontinent* (1981), *Under the Flag* (1982) àti *Gag* (1984).

Nínú *Fireside Favourites*, orin tó fún àwo náà lórúkọ ló dára jù lójú mi. Ó ń rìn tìlù-tìlù, ó ń dán bí orin ìgbafẹ́ àtijọ́. Tọkọtaya jókòó ti iná nínú ilé, wọ́n ń ṣeré ìfẹ́. Díẹ̀díẹ̀ ni ẹni tó ń gbọ́ yóò fi mọ̀ pé bọ́ǹbù átọ́míìkì ti bú, pé iná tí wọ́n ń yá kì í ṣe iná ààrò mọ́. Ẹ rántí ìgbà tí wọ́n ṣe é. Ní 1980, ìjọba ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì gbé ìwé pélébé kan jáde tó ń kọ́ aráàlú bí wọn yóò ṣe fi ilẹ̀kùn àti àpò ṣe ibi ìsádi nínú ilé wọn bí ogun bọ́ǹbù bá dé. Ìbẹ̀rù yẹn wà nínú ilé gbogbo ènìyàn. Tovey kò pariwo lé e lórí, ó fi orin aládùn bò ó, ó sì jẹ́ kí a fúnra wa rí i.

*Incontinent* le ju ìyẹn lọ. Àwòrán Tovey fúnra rẹ̀ ló wà lára páálí àwo náà, ó múra bí Punch, ọmọláńgídí onímú kíkọ́ tí wọ́n fi ń ṣeré fún àwọn ọmọdé létí òkun ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, èyí tí kóńdó kì í kúrò lọ́wọ́ rẹ̀. Ìbọn ìléwọ́, oúnjẹ, ara, ìtìjú, gbogbo rẹ̀ wà nínú rẹ̀.

*Under the Flag* jáde ní ọdún tí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì bá Ajẹntínà jagun lórí erékùṣù Falklands. Margaret Thatcher wà lórí oyè olórí ìjọba, àwọn tí kò níṣẹ́ lọ́wọ́ ti ju mílíọ̀nù mẹ́ta lọ, àsíá sì ń fẹ́ lójú pópó. Tovey béèrè ohun tó wà lábẹ́ àsíá náà. Alison Moyet, tó ń kọrin ní Yazoo nígbà yẹn, gbé orin lẹ́yìn rẹ̀ nínú àwo yìí. Ohùn obìnrin yẹn gbóná, ti Tovey tutù, mo sì fẹ́ràn ibi tí méjèèjì ti pàdé gan-an.

*Gag* ni mo kà sí àgbà nínú mẹ́rẹ̀ẹ̀rin. Berlin ni wọ́n ti ṣe é, ní sítúdíò Hansa tí kò jìnnà sí ògiri tó pín ìlú náà sí méjì. Gareth Jones, tó ń bójú tó gbígba ohùn sílẹ̀, ló bá a ṣiṣẹ́ níbẹ̀. Tovey ti kó ẹgbẹ́ jọ nígbà yẹn, gìtá àti ìlù tí ènìyàn ń lù ti wọlé, ẹ̀rọ kò dá jẹ ọba mọ́. "Collapsing New People" inú rẹ̀ ni orin tí ọ̀pọ̀ fi mọ̀ ọ́ títí di òní. Ó ń sọ̀rọ̀ àwọn ọ̀dọ́ tí wọ́n ń fi ọ̀sán sùn, tí wọ́n ń fi òru ṣe fàájì, tí ojú wọn ti funfun bí ẹni tí oòrùn kò rí rí. Einstürzende Neubauten, ẹgbẹ́ Berlin tó ń fi irin àti ohun èlò àwọn kọ́lékọ́lé kọrin, bá a lọ́wọ́ sí i, orúkọ wọn náà ló sì fi ṣeré nínú àkọlé orin náà.

Kí ni ó máa ń ṣe lórí ìtàgé tí àwọn ènìyàn fi ń sọ ọ́ di ìtàn?

Ní àkókò yẹn, ìdúró-gbọn-in ni àṣà àwọn olórin synthesizer. Wọn a dúró sẹ́yìn ẹ̀rọ bí akọ̀wé báńkì, wọn a máa wo bọ́tìnì. Tovey kì í dúró. Ó ń gun àpótí ohùn, ó ń bẹ́ sáàárín èrò, ó ń fi orí lu ìlù. Ó máa ń fi ọṣẹ ìfárùngbọ̀n kun ara rẹ̀ nígbà tó bá ń kọ "Lady Shave", orin rẹ̀ kan nípa irun fífá. Ó farapa lórí ìtàgé ju ẹ̀ẹ̀kan lọ.

Fún àwòrán ara páálí àwo *Gag*, ó jẹ́ kí wọ́n kun òun lọ́dà láti orí dé àyà, kí wọ́n sì lẹ ìyẹ́ adìyẹ mọ́ ọn. Láyé àtijọ́, ìyà tí àwọn èrò ọjà fi ń jẹ ọ̀daràn tàbí ẹni tí wọ́n kórìíra ní Yúróòpù àti Amẹ́ríkà nìyẹn. Anton Corbijn, ayàwòrán ará Netherlands, ló ya àwòrán náà. Corbijn yìí kan náà ló wá di ẹni tó ń ya Depeche Mode fún ọ̀pọ̀ ọdún.

Àwọn kan gbà pé wèrè lásán ni. Èmi kò gbà bẹ́ẹ̀. Ẹni tó kọ́ eré aláìfọhùn ní Leeds mọ ohun tí ara lè sọ. Ẹ̀rọ kì í làágùn, kì í ṣẹ̀jẹ̀, kì í rẹ̀ ẹ́. Bí ìlù ẹ̀rọ náà ṣe ń lọ láìdúró, tí ọkùnrin kan ṣoṣo sì ń fi ara gbá nǹkan níwájú rẹ̀ títí tí agbára fi tán, ó ń fi hàn wá ohun tó ń ṣẹlẹ̀ sí ènìyàn nígbà tí a bá so ó mọ́ ẹ̀rọ. Kò sí orin kan nínú àwo rẹ̀ tó sọ ọ́ yé mi tó bẹ́ẹ̀.

Kí ló pa òun àti Depeche Mode pọ̀?

Ní òpin ọdún 1980, Fad Gadget fẹ́ ṣeré ní Bridge House, ilé ọtí kan ní Canning Town, ní ìlà-oòrùn Lọ́ńdọ̀nù. Àwọn ọmọkùnrin mẹ́rin kan láti Basildon, ní Essex, ni wọ́n fi ṣáájú rẹ̀. Kò tíì sí ẹni tó mọ̀ wọ́n. Miller wà níbẹ̀ nítorí pé òun ló ń darí ohùn fún Tovey. Ó ti rí àwọn ọmọ náà rí ní ṣọ́ọ̀bù àwo orin Rough Trade, kò kà wọ́n sí. Lálẹ́ ọjọ́ yẹn, ó dúró, ó gbọ́ wọn tán, ó sì lọ bá wọn lẹ́yìn ìtàgé pé kí wọ́n jọ ṣe àwo. Ìwé àdéhùn kankan kò sí. Wọ́n bọ ara wọn lọ́wọ́, wọ́n ní ìdajì-ìdajì ni èrè, ọ̀pọ̀ ọdún ni wọ́n sì fi bá a lọ bẹ́ẹ̀.

Àwọn ọmọ yẹn ni Depeche Mode. Ní 1983, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í fi ìró irin àti ìró ibi ìkọ́lé sínú orin wọn, wọ́n lọ parí àwo wọn ní Hansa, Gareth Jones sì wà níbẹ̀ pẹ̀lú wọn. Díríìlì Tovey ti ké ní ọdún mẹ́ta ṣáájú ìyẹn.

Kí ló dé tí kò fi gbajúmọ̀ bíi tiwọn?

Kò ní àwo kékeré kankan tó wọ inú ogójì àkọ́kọ́ lórí àtẹ orin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Marc Almond tí wọ́n jọ wà ní Leeds gba ipò kìn-ín-ní ní 1981. Ẹgbẹ́ The Human League gbà á ní òpin ọdún kan náà. Kì í ṣe pé àyè kò sí fún irú orin yìí, àyè wà.

Ìfẹ́ àti ìbànújẹ́ ìfẹ́ ni àwọn tó dé òkè ń kọ, ohun tí ọmọ ọdún 15 lè gbọ́ lórí rédíò kí ó ní "ọ̀rọ̀ mi nìyí". Tovey ń kọ nípa bọ́ǹbù, ìbọn, ìjàǹbá ọkọ̀, irun ara àti ilé-iṣẹ́. Rédíò kò mọ àkókò wo lóòjọ́ ni òun yóò fi irú rẹ̀ sí. Kò sì ṣe tán láti rọ ọ̀rọ̀ náà lójú. Mo bọ̀wọ̀ fún un lórí èyí, mo sì tún gbà pé ó san owó rẹ̀.

Kí ló dé tó fi pa synthesizer tì, tó lọ ń kọ orin àwọn baba ńlá?

Ìbéèrè tí mo fẹ́ràn jù nìyí, n óò sì dáhùn rẹ̀ dáadáa, nítorí pé ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ti ń ṣì í gbọ́.

Lẹ́yìn *Gag* ló pa orúkọ Fad Gadget tì. *Snakes and Ladders* jáde ní 1986 pẹ̀lú orúkọ Frank Tovey lára rẹ̀, *Civilian* tẹ̀lé e ní 1988. Ẹ̀rọ ṣì wà nínú ìwọ̀nyí. Ní 1989 ni *Tyranny and the Hired Hand* dé, ó sì ya àwọn olólùfẹ́ rẹ̀ lẹ́nu. Gìtá onígi àti báńjò ni wọ́n bá níbẹ̀, pẹ̀lú orin àtijọ́ àwọn òṣìṣẹ́: awakùsà, àwọn tó ń hun aṣọ ní ilé-iṣẹ́ òwú, àwọn tó ń la ojú irin, ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì àti ti Amẹ́ríkà. *Grand Union* jáde ní 1991, òun àti ẹgbẹ́ The Pyros ni wọ́n jọ ṣe é, *Worried Men in Second-Hand Suits* sì ni ìkẹyìn wọn, ní 1992. Àwọn tó ń tẹ̀lé e láti 1979 ní ó ti yí padà, pé ó ti kẹ̀yìn sí ọjọ́ iwájú.

Ẹ jẹ́ kí a wo ohun tó kọ nínú àwo 1989 yẹn. Ó kọ "John Henry". John Henry ni ọkùnrin aláwọ̀ dúdú inú ìtàn àwọn tó la ojú irin ní Amẹ́ríkà, tó ń fi òòlù lu irin wọ inú àpáta. Ọ̀gá mú díríìlì tó ń fi agbára ooru omi gbígbóná ṣiṣẹ́ wá, ó ní ẹ̀rọ yẹn ni yóò gba iṣẹ́ lọ́wọ́ àwọn ènìyàn. John Henry bá ẹ̀rọ náà díje, ó borí, ó sì kú pẹ̀lú òòlù lọ́wọ́. Díríìlì ló tún padà débẹ̀ yìí! Ẹni tó gbé díríìlì sínú orin ní 1980 ló ń kọrin ẹni tí díríìlì pa ní 1989. Ó kọ "Sixteen Tons" pẹ̀lú, orin awakùsà tí gbèsè ṣọ́ọ̀bù ilé-iṣẹ́ kò jẹ́ kí ó lè kú pàápàá, àti "Joe Hill", nípa akọrin ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ tí ìjọba Utah yìnbọn pa ní 1915. Ṣáájú ìyẹn, nínú *Snakes and Ladders*, ó ti kọ "Luddite Joe". Luddite ni wọ́n ń pe àwọn ahunṣọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tó ń fọ́ ẹ̀rọ ìhunṣọ láti 1811, nígbà tí ẹ̀rọ bẹ̀rẹ̀ sí í gba oúnjẹ lẹ́nu ọmọ wọn.

Kó tó dìgbà yẹn, ohun kan ti ṣẹlẹ̀ nílé. Láti oṣù kẹta 1984 sí oṣù kẹta 1985 ni àwọn awakùsà ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì fi daṣẹ́ sílẹ̀ nítorí pé ìjọba Thatcher fẹ́ ti ibi ìwakùsà wọn pa. Wọ́n pàdánù, odindi ìlú sì wà tó jẹ́ pé kùsà nìkan ló ń bọ́ wọn. Bí ẹnì kan bá ń gbé ní orílẹ̀-èdè yẹn ní àwọn ọdún wọ̀nyẹn, tó sì ń kọ orin awakùsà ọlọ́jọ́ pípẹ́, orin ọjọ́ náà gan-an ló ń kọ.

Nítorí náà, lójú tèmi, ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ni Frank Tovey fi gbogbo ọjọ́ orin rẹ̀ sọ: ènìyàn ẹlẹ́ran ara níwájú ẹ̀rọ tí kò mọ̀ ọ́n. Nígbà tó jẹ́ Fad Gadget, ó sọ ọ́ láti inú ẹ̀rọ náà, pẹ̀lú ìró ẹ̀rọ. Lẹ́yìn náà, ó lọ jókòó ti àwọn tí ẹ̀rọ ń lọ̀ mọ́lẹ̀, ó sì fi ohun èlò tí àwọn fúnra wọn mọ̀ kọ ọ́. Ẹ gbọ́ "Ricky's Hand", kí ẹ gbọ́ "John Henry" tẹ̀lé e. Ẹ kò ní bi mí mọ́ bóyá ẹnì kan náà ni.

Ṣé ó padà sí Fad Gadget?

Ó padà ní 2001. Mute kó àwọn orin rẹ̀ jọ sínú *The Best of Fad Gadget*, òun náà sì tún bọ́ sórí ìtàgé pẹ̀lú orúkọ àtijọ́. Depeche Mode ń rin ìrìn àjò orin àwo wọn *Exciter* káàkiri lọ́dún yẹn, wọ́n sì pè é kí ó wá máa ṣáájú wọn ní Yúróòpù. Àwọn tó ṣáájú rẹ̀ nínú ilé ọtí Canning Town ní 1980 ló ń pè é sí gbọ̀ngàn tí ẹgbẹẹgbẹ̀rún ènìyàn ń kún. Wọn kò gbàgbé rẹ̀, ó sì yẹ kí a yìn wọ́n fún un. Ẹni ọdún 45 ni nígbà náà, ó tún kun ara rẹ̀ lọ́ṣẹ, ó tún wọ àárín èrò.

Báwo ló ṣe kú?

Àìsàn ọkàn ni. Láti kékeré ni ọkàn rẹ̀ ti ń yọ ọ́ lẹ́nu. Ọkàn náà dáṣẹ́ sílẹ̀ ní ọjọ́ 3 oṣù kẹrin 2002, oṣù díẹ̀ lẹ́yìn ìrìn àjò yẹn. 

Ṣé orin tí mo lè gbọ́ níwájú àwọn ọmọ ni?

Kì í ṣe gbogbo rẹ̀. *Incontinent* àti díẹ̀ nínú *Gag* ní ọ̀rọ̀ ara tí ẹ kò ní fẹ́ kí ọmọ kékeré bi yín léèrè. *Tyranny and the Hired Hand* kò ní wàhálà kankan, orin ìtàn ni, ọmọ tó ti ń gbọ́ ìtàn yóò gbádùn "John Henry" dáadáa.

N kò gbọ́ ọ rí. Níbo ni kí n ti bẹ̀rẹ̀?

Ẹ bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú "Collapsing New People", nítorí pé ijó wà nínú rẹ̀, kò sì ní lé yín sá. Kí ẹ padà sẹ́yìn sí "Back to Nature" àti "Ricky's Hand". Lẹ́yìn ìyẹn kí ẹ gbọ́ *Under the Flag* láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ní alẹ́, láìṣe iṣẹ́ mìíràn. Ẹni tó bá fẹ́ràn ọ̀rọ̀ ju ìró lọ lè fo gbogbo ìyẹn, kí ó lọ tààrà sí àwo 1989.

Ṣé àwọn àwo rẹ̀ ṣì wà lọ́jà?

Wọ́n wà. Àwọn àwo Fad Gadget mẹ́rẹ̀ẹ̀rin wà lórí àwọn ibi tí a ti ń gbọ́ orin lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Bí ẹ bá fẹ́ ohun tí ẹ lè fọwọ́ mú, ẹ wá *Fad Gadget by Frank Tovey*, tí Mute gbé jáde ní 2006, nítorí pé fídíò wà nínú rẹ̀ pẹ̀lú àwo orin. Fídíò yẹn ni kí ẹ kọ́kọ́ wò, kí ẹ tó gbọ́ ohunkóhun: ẹ óò rí i bó ṣe ń rìn, bó ṣe ń fi ọrùn yí, bó ṣe ń ju ara rẹ̀.